Ọmọ mi ní dáínósọ̀ ni adìẹ, ṣé bẹ́ẹ̀ ni?

Ẹ kúùrọ̀lẹ́ o ẹ̀yin ará wa. Leeds la wà. Ọmọkùnrin mi ṣẹ̀ṣẹ̀ pé ọdún mẹ́fà, ọ̀rọ̀ dáínósọ̀ ló wà lẹ́nu ẹ̀ látàárọ̀ ṣúlẹ̀. Yorùbá ni mo máa ń bá a sọ nílé, ó wá bi mí pé kí là ń pè é lédè wa, mo ní "alángbá ńlá". Ó gbé e délé ìwé, tíṣà ẹ̀ ní dáínósọ̀ kì í ṣe alángbá rárá, ló bá padà wá sọ pé Mọ́mì, irọ́ lẹ pa. Ó dùn mí gan-an. Ó tún ní adìẹ tí mo sè lọ́jọ́ Sunday, dáínósọ̀ ni, òun ò ní jẹ ẹ́. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n sọ fún un?
Ìyá Ayọ̀

Ìyá Ayọ̀, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ o. Ẹ ò parọ́ kankan. Richard Owen tó fún wọn lórúkọ lọ́dún 1842, èdè Gíríìkì ló fi pè é, "alángbá abanilẹ́rù" ló sì túmọ̀ sí, ibi táwọn ọ̀mọ̀wé fúnra wọn ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ní Crystal Palace Park ní South London níbí, ère dáínósọ̀ kan tó ń jẹ́ Iguanodon, tí wọ́n gbé síbẹ̀ lọ́dún 1854, ṣì wà, wọ́n ṣe é bí ẹran ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́rin tó sanra, wọ́n wá fi ìwo sí i nímú. Ìgbà táwọn awakùsà rí egungun ẹ̀ lódindi ní Bernissart ní Bẹ́ljíọ̀m lọ́dún 1878 ló wá hàn kedere pé ọwọ́ ni "ìwo" yẹn wà, àtàǹpàkò ẹ̀ ni.

Tíṣà tọ̀nà ṣá. Ẹsẹ̀ ni kẹ́ ẹ fi hàn án: ẹsẹ̀ alángbá yà sẹ́gbẹ̀ẹ́, ti dáínósọ̀ dúró ṣánṣán lábẹ́ ara bíi ti adìẹ. Òótọ́ sì ni o, adìẹ, ẹyẹlé, ògòǹgò, gbogbo ẹyẹ pátá, ìdílé dáínósọ̀ ni wọ́n, àwọn nìkan ló ṣẹ́kù lẹ́yìn tí òkúta ńlá já látojú ọ̀run lu Mẹ́síkò ní nǹkan bíi mílíọ̀nù 66 ọdún sẹ́yìn. Velociraptor, dáínósọ̀ tó ń dẹ́rù ba àwọn ọmọ yìí, kò ju tòlótòló lọ, ó sì níyẹ̀ẹ́, ojú ibi tí ìyẹ́ so mọ́ ṣì hàn lára egungun apá ẹ̀.

Kíṣìnnì ni mo ti kọ́ ọmọbìnrin mi. Mo ra ẹsẹ̀ adìẹ, mo ní kó fọwọ́ pa ìpẹ́ tó wà lára ẹ̀, kó ka ìka mẹ́ta tó wà níwájú àti ẹyọ kan tó wà lẹ́yìn. Mo wá fa iṣan funfun kan tó yọ lójú ibi tí wọ́n ti gé e, gbogbo ìka yẹn sì ká wọlé bí ìgbà téèyàn fẹ́ gbá nǹkan mú, ọmọ pariwo, ó ní kí n tún un fà, a ṣe é títí ọbẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ jóná. Lẹ́yìn ìyẹn mo yọ eegun tó là bíi lẹ́tà V níwájú àyà adìẹ, mo ní T. rex, dáínósọ̀ ńlá tó ń jẹ ẹran yẹn, náà ní irú ẹ̀, kò fi sílẹ̀ di alẹ́.

Tó bá bi yín nípa ọ̀nì, ìbátan ni, kì í ṣe dáínósọ̀, ṣùgbọ́n ọ̀nì tan mọ́ adìẹ ju bó ṣe tan mọ́ alángbá lọ. Ọkàn ọ̀nì ní yàrá mẹ́rin bíi ti adìẹ, mẹ́ta ni ti alángbá.

Ní ti orúkọ, ẹ máa pè é ní dáínósọ̀, bá a ṣe ń pe bọ́ọ̀sì ní bọ́ọ̀sì, kí ìyẹ́, ìpẹ́, èékánná, ìrù wá jẹ́ Yorùbá lẹ́nu ẹ̀. Kẹ́ ẹ sì sọ fún un pé ní Niger, tó bá Nàìjíríà pààlà gan-an, ni wọ́n ti hú Nigersaurus, ewéko ló ń jẹ, eyín ẹ̀ sì ju 500 lọ.

Ẹ má fipá bọ́ ọ ládìẹ o, tèmi náà ṣe bẹ́ẹ̀ fún bí ọ̀sẹ̀ kan ló tó jẹ ẹ́. Tẹ́ ẹ bá wá sí London nígbà ọlidé, ẹ mú un lọ sí Crystal Palace, kó wo imú Iguanodon yẹn, kó wá fi àtàǹpàkò tiẹ̀ hàn yín ibi tó yẹ kó wà.
Ìyá Mofẹ́