Ẹ̀yìn ọkọ̀ tó ń dún: ṣé ṣọ́kì ni àbí búṣìn?

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Mọ́tò mi ti rin bíi 150,000 kìlómítà, ó sì ti ṣe díẹ̀ tí ẹ̀yìn ẹ̀ ti ń dún gbò gbò gbò tí mo bá wọ ọ̀nà gbágungbàgun, pàápàá tí mo bá rọra ń lọ, tí mo bá ń sáré mi ò kì í fi bẹ́ẹ̀ gbọ́ ọ. Mẹkáníìkì ní ṣọ́kì ti kú, a pààrọ̀ méjèèjì, tuntun nínú páálí, ariwo yẹn ò kúrò. Ó tún ní ká lọ ra sípíríǹgì báyìí. Táyà ẹ̀yìn lọ́wọ́ ọ̀tún náà sì ń jẹ ní apá inú ju apá ìta lọ. Kí ni kí n rà gan-an?

Ìdáhùn: Ẹ má tíì ra nǹkankan. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ yanjú ọ̀rọ̀ ṣọ́kì yìí ná, torí òun ni gbogbo èèyàn máa ń dárúkọ tí ẹ̀yìn mọ́tò bá ti dún, ó hàn síta, ó sì rọrùn láti tú. Ṣọ́kì ò gbé mọ́tò o. Sípíríǹgì ló gbé ìwúwo, iṣẹ́ ṣọ́kì ni pé kó má jẹ́ kí sípíríǹgì yẹn máa fò sókè fò sílẹ̀ tẹ́ẹ bá ti kọjá kòtò tán. Ọ́ìlì ló wà nínú ẹ̀ tó ń fipá gba ihò tóóró kọjá, ibi tó ti ń há fún un yẹn ló ti ń pa fífò náà. Tí ṣọ́kì bá kú, ohun tẹ́ẹ máa rí ni pé ọkọ̀ á máa fò, ìdí ẹ̀ á máa jùrù tẹ́ẹ bá yà lórí eré, táyà á máa jẹ lápá kan kó fo apá kan, bíréèkì náà á pẹ́ kó tó dá ọkọ̀ dúró torí táyà ò fẹsẹ̀ múlẹ̀ dáadáa. Gbò gbò gbò kọ́ ni àmì tẹ́ẹ máa kọ́kọ́ rí lára ṣọ́kì tó kú. Ohun tó bá ń dún gbò gbò, ó ti ní àlàfo níbì kan, irin ń lu irin torí rọ́bà tó wà láàárín wọn ti jẹ tán, tàbí kẹ̀ nọ́ọ̀tì kan ò le.

Ariwo yẹn fúnra ẹ̀ máa ń júwe ilé ara ẹ̀ téèyàn bá fetí sí i. Tó bá jẹ́ gbò gbò kéékèèké tó ń yára tẹ̀lé ara wọn nígbà tẹ́ẹ bá ń rọra lọ, tí táyà kan bọ́ sí kòtò tí ìkejì ò bọ́, línkéèjì ni mo kọ́kọ́ máa fura sí, ìyẹn irin tín-ín-rín tó so irin sítébíláísà (irin tó ń dín títẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀ kù tẹ́ẹ bá yà) mọ́ áàmù (apá irin tó so táyà mọ́ ìdí ọkọ̀), àtàwọn rọ́bà tó di sítébíláísà yẹn mú mọ́ ìdí ọkọ̀. Tó bá jẹ́ gbì, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo, nígbà tẹ́ẹ tẹ bíréèkì tàbí tẹ́ẹ kúrò ní rífáàsì tẹ́ẹ fẹ́ lọ síwájú, ẹ lọ wo búṣìn ńlá, ìyẹn rọ́bà tó ní irin láàárín, tó so áàmù gígùn mọ́ ara ọkọ̀. Tó bá ń dún kín-ín kín-ín tẹ́ẹ bá jókòó sẹ́yìn, rọ́bà tó ti gbẹ ló sábà máa ń ṣe bẹ́ẹ̀. Tó bá ń kùn hùùù, tó ń pọ̀ sí i bí eré ṣe ń pọ̀ sí i, tó sì ń yí ohùn padà tẹ́ẹ bá yà, béárìn táyà nìyẹn, kò sí lára ohun tá à ń sọ lónìí àmọ́ ẹ má fi ṣeré o.

Tiyín yìí, línkéèjì ló jọ. Àmọ́ nígbà tó jẹ́ pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ tú ṣọ́kì, ọwọ́ tí wọ́n fi di í pa dà ni mo máa kọ́kọ́ yẹ̀ wò, torí ọ̀fẹ́ ni. Nínú ọ̀pọ̀ mọ́tò, orí ṣọ́kì ẹ̀yìn máa ń yọ sínú búùtù. Ẹ ká kápẹ́ẹ̀tì ibẹ̀ kúrò, ẹ gbé àtẹ́lẹwọ́ lé orí nọ́ọ̀tì yẹn, kẹ́nìkan máa fi gbogbo ara tẹ ìdí ọkọ̀ sílẹ̀ kó máa jù ú sílẹ̀. Tó bá le dáadáa, ẹ ò ní gbọ́ nǹkankan lọ́wọ́ ju pé ó ń mì. Tí ò bá le, tàbí wọ́n gbàgbé wáṣà tàbí rọ́bà kékeré kan sínú páálí, ẹ máa mọ̀ ọ́n bó ṣe ń kàn yín lọ́wọ́ kò kò. Mi ò lè ka iye ṣọ́kì tuntun tí wọ́n ti bú lórí ọ̀rọ̀ nọ́ọ̀tì yìí.

Tí ibẹ̀ bá dáa, ẹ bọ́ sábẹ́ ọkọ̀. Kó wà lórí ráǹpù tàbí kòtò mẹkáníìkì, kí táyà tẹ ilẹ̀, torí tẹ́ẹ bá fi jáàkì gbé e tí táyà ń rọ̀ dirodiro, gbogbo nǹkan ti fà síbì kan, àlàfo tó yẹ kẹ́ẹ rí ti sá pamọ́. Ẹ di línkéèjì mú kẹ́ẹ mì í lọ mì í bọ̀. Tí rọ́bà tó bo orí ẹ̀ bá ti ya tí gíríìsì ti tán níbẹ̀, ó ti parí. Tí kò bá sì dá yín lójú, ẹ tú méjèèjì kúrò kẹ́ẹ rọra wakọ̀ gba ọ̀nà gbágungbàgun yẹn, rọra ni mo sọ o, torí ọkọ̀ á fẹ́ máa tẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan tẹ́ẹ bá yà. Tí ariwo bá ti lọ, ẹ ti rí i mú, owó tí ò tó nǹkan lẹ́gbẹ̀ẹ́ sípíríǹgì. Àwọn ọkọ̀ kan wà tí ò ní línkéèjì lẹ́yìn rárá, tí irin gbọọrọ kan ṣoṣo ló so táyà ọ̀tún mọ́ tòsì, nínú irú ìyẹn búṣìn méjì tó wà níwájú irin yẹn lẹ máa lọ wò tààrà.

Ọ̀rọ̀ táyà tó ń jẹ nínú yẹn, ohun mìíràn nìyẹn, línkéèjì ò lè fà á. Táyà tó bá ń jẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ń dúró gẹ̀gẹ̀rẹ̀ tàbí kó máa kọjú síbi tí ọkọ̀ ò kọjú sí. Ẹ fi àtẹ́lẹwọ́ ra ojú táyà yẹn láti inú bọ̀ níta, kẹ́ẹ tún rà á láti ìta lọ sínú. Tó bá dán lọ́nà kan tó wá ń họ yín lọ́wọ́ lọ́nà kejì, títò ẹ̀ ti yẹ̀. Ohun tó sì sábà máa ń yẹ̀ ẹ́ ni búṣìn áàmù. Ẹ mú irin gígùn, ẹ tì í bọ àárín áàmù àti ibi tí wọ́n dì í mọ́, ẹ fi tọ́ọ̀ṣì tan ojú búṣìn náà, kẹ́ẹ wá rọra yí irin yẹn. Rọ́bà á lọ díẹ̀, ìyẹn ò burú, bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn. Ibi kéékèèké tó là lójú rọ́bà náà ò tíì burú. Àmọ́ tẹ́ẹ bá rí i tí rọ́bà ti ṣí kúrò lára irin tó wà láàárín, tí ìmọ́lẹ̀ ń gba ibẹ̀ kọjá, tàbí tí irin àárín yẹn ti sún sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan bí òṣùpá tó kù díẹ̀ kó kún, búṣìn yẹn ti lọ. Lọ́wọ́ ọ̀tún lẹ máa bẹ̀rẹ̀, kẹ́ẹ wo tòsì náà.

Tí wọ́n bá ti pààrọ̀ ẹ̀ tán, ẹ lọ ṣe aláìnmẹ́ǹtì, ìyẹn títo táyà kó kọjú síbi tó yẹ, kẹ́ẹ sì sọ fún wọn pé táyà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ni, torí ọ̀pọ̀ ló jẹ́ pé iwájú nìkan ni wọ́n máa ń ṣe. Sípíríǹgì ni kẹ́ẹ fi sílẹ̀, àfi tó bá ti kán.

Ìbéèrè: Ọ̀gá mi, mo ní sípánà dáadáa, mo ní jáàkì, mo fẹ́ fọwọ́ ara mi pààrọ̀ ṣọ́kì ẹ̀yìn àti áàmù ìsàlẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi kan ní kí n má wulẹ̀ dà á láàmú, pé búṣìn tuntun tí òun fi sí tòun ò pé ọdún tó fi ya. Ṣé ọjà ni ò dáa àbí kí ni?

Ìdáhùn: Ó lè jẹ́ ọjà. Àmọ́ tí mo bá máa ta, màá ta á pé wọ́n dì í nígbà tí táyà ṣì wà lófuurufú. Irú búṣìn yìí, rọ́bà ẹ̀ lẹ̀ mọ́ irin àárín, ó tún lẹ̀ mọ́ irin ìta, kò sí èyí tó ń yọ̀ nínú ìkejì. Tẹ́ẹ bá ti di bóòtì, irin àárín ti dúró gbagidi nìyẹn, nígbà tí áàmù bá wá ń lọ sókè sódò rọ́bà yẹn ló ń lọ́. Tẹ́ẹ bá dì í nígbà tí áàmù rọ̀ sílẹ̀ pátápátá, lọ́jọ́ tẹ́ẹ bá sọ ọkọ̀ kalẹ̀, rọ́bà ti lọ́ kẹ́ẹ tó gun ọ̀nà rárá, bẹ́ẹ láá ṣe máa wà tọ̀sán tòru, kòtò tó bá wá bọ́ sí á tún fi kún un. Kò lè pẹ́.

Nítorí náà, kẹ́ẹ tó gbé ọkọ̀ sókè, nígbà tó ṣì dúró lórí ilẹ̀ tó tẹ́jú, ẹ fi téèpù wọ̀n ọ́n láti àárín táyà dé etí fẹ́ńdà tó wà lókè ẹ̀, kẹ́ẹ kọ nọ́ńbà náà sílẹ̀. Ẹ ṣe ọ̀tún ẹ ṣe òsì. Tẹ́ẹ bá ti to gbogbo ẹ̀ pa dà, kí bóòtì wọlé kó mú díẹ̀ ni, ẹ ò tíì ní fún un. Ẹ wá gbé jáàkì sábẹ́ áàmù, ẹ gbé e títí ìwọ̀n yẹn á fi pé bíi ti tẹ́lẹ̀, ìgbà yẹn lẹ máa wá fi sípánà tọ́ọ̀kì, èyí tó ń wọn bẹ́ẹ ṣe fún bóòtì le tó, fún un débi tí ìwé ọkọ̀ yẹn sọ. Nọ́ńbà tọ́ọ̀kì ọkọ̀ kan ò bá ti ìkejì mu, ẹ má bèèrè lọ́wọ́ ẹni tí ọkọ̀ ẹ̀ yàtọ̀ sí tiyín.

Iṣẹ́ yẹn gan-an ńkọ́? Ẹ fi òkúta ńlá dí táyà iwájú, ẹ gbé ẹ̀yìn sókè, ẹ fi sítáǹdì gbé e dúró níbi tí ilé iṣẹ́ tó ṣe ọkọ̀ ní kẹ́ẹ gbé e sí. Jáàkì nìkan ò tó, kò tó, mi ò ní yé sọ ọ́, ẹ ò gbọdọ̀ ki orí bọ abẹ́ ọkọ̀ tí jáàkì nìkan gbé. Kẹ́ẹ ti fi ọ́ìlì tó ń tú ìpẹtà sí àwọn bóòtì yẹn láti alẹ́ àná, torí bóòtì ẹ̀yìn máa ń dógùn-ún mọ́ inú irin búṣìn débi pé nọ́ọ̀tì á yí tán bóòtì ò ní jáde. Tó bá ri bẹ́ẹ̀ ẹ má fi iná sí i níbi tí táńkì epo àti páìpù bíréèkì wà, ẹ fi ayùn irin gé e, kẹ́ẹ ra bóòtì tuntun. Ìwé ọkọ̀ míì tiẹ̀ máa ń sọ pé bóòtì kan ò ṣeé lò lẹ́ẹ̀kejì, ẹ ṣe bó ṣe wí.

Wàyí o, sípíríǹgì. Tó bá jẹ́ pé orí áàmù tẹ́ẹ fẹ́ tú yẹn ló jókòó sí, agbára wà nínú ẹ̀ tó lè ṣẹ́ ọwọ́ èèyàn. Jáàkì gbọ́dọ̀ ti wà lábẹ́ áàmù kẹ́ẹ tó yọ bóòtì, ẹ wá rọra sọ jáàkì kalẹ̀ díẹ̀díẹ̀ títí sípíríǹgì á fi na ara ẹ̀ tán. Ṣọ́kì náà, nínú ọ̀pọ̀ ọkọ̀ òun ló ń dá áàmù dúró kó má rọ̀ ju bó ṣe yẹ, tẹ́ẹ bá yọ ọ́ láìgbé nǹkan sábẹ́, páìpù bíréèkì ló máa fà. Ẹ máa ṣe ẹ̀gbẹ́ kan tán kẹ́ẹ tó tú ìkejì. Tó bá wá jẹ́ pé àárín sípíríǹgì ni ṣọ́kì yín wà, tí méjèèjì jọ jáde pọ̀, ẹ má tú nọ́ọ̀tì tó wà láàárín orí ẹ̀ láìsí ohun tí wọ́n fi ń fún sípíríǹgì pọ̀. Ẹ gbé e lọ fún ẹni tó ní i. Kì í ṣe ojo.

Áàmù tó bá ní bóòtì tí orí ẹ̀ rí roboto tó yẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, bóòtì aláìnmẹ́ǹtì ni, ẹ fi pẹ́ǹtì tàbí ṣọ́ọ̀kì fàlà sí i kẹ́ẹ tó tú u, kẹ́ẹ lè dá a pa dà síbi tó wà, á tó gbé yín dé ọ̀dọ̀ aláìnmẹ́ǹtì. Tí wọ́n bá ń ta áàmù tó ti ní búṣìn nínú, èmi á ní kẹ́ẹ ra ìyẹn ju kẹ́ẹ máa ra búṣìn lásán lọ, torí láti fi òòlù gbá búṣìn wọlé, ẹ̀ẹ̀kan lọ́ọ̀ọ́ ló ń ti ibẹ̀ bàjẹ́. Ẹ má fi gíríìsì pa rọ́bà ẹ̀ o, gíríìsì máa ń mú rọ́bà wú. Omi ọṣẹ tó.

Ṣọ́kì tuntun, kẹ́ẹ tó so ó, ẹ gbé e dúró lóòró, ẹ tẹ̀ ẹ́ wọlé ẹ fà á jáde lẹ́ẹ̀mélòó kan títí á fi le bákan náà látòkè délẹ̀, torí atẹ́gùn máa ń wọnú ọ́ìlì ẹ̀ níbi tó sùn sí. Ẹ má sì fi pálàyà di irin tó ń dán yẹn mú nígbà tẹ́ẹ bá ń fún nọ́ọ̀tì, ibi tó bá ti ha lára irin yẹn ló máa fa rọ́bà inú ya, ṣọ́kì tuntun á máa jò. Nọ́ọ̀tì táyà náà, ọ̀pọ̀ ọkọ̀ kékeré máa ń wà láàárín 100 sí 120 Nm (bí wọ́n ṣe ń ka tọ́ọ̀kì nìyẹn), ẹ wo tiyín nínú ìwé, kẹ́ẹ tún un wò lẹ́yìn bíi 50 sí 100 kìlómítà.

Ìbéèrè: Ṣọ́kì ẹ̀yìn mi kan ṣoṣo ló ń jò. Ṣé dandan ni kí n ra méjì?

Ìdáhùn: Tó bá ń jò lóòótọ́, bẹ́ẹ̀ ni. Tí ọ̀kan bá le tí ìkejì sì rọ̀, ìdí ọkọ̀ ò ní dúró bákan náà tẹ́ẹ bá yà tàbí tẹ́ẹ bá tẹ bíréèkì lójijì. Àmọ́ ẹ kọ́kọ́ wò ó dáadáa. Tó bá jẹ́ pé ọ́ìlì kàn fẹ́ẹ́rẹ́ bà á lórí, tí eruku lẹ̀ mọ́ ọn, ìyẹn ò tíì tó kẹ́ẹ pààrọ̀ ẹ̀. Ẹ nù ún mọ́, ẹ wakọ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan sí méjì, kẹ́ẹ tún wò ó. Tí ọ́ìlì bá ti ṣàn dé ìsàlẹ̀ tó sì tutù, ẹ ra méjèèjì. Ti pé ká tẹ ìdí ọkọ̀ kó fò ká máa kà á yẹn, kò fi bẹ́ẹ̀ sọ nǹkankan, ṣọ́kì tó ti kú tán pátápátá nìkan ló máa ń mú.

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n mi, tí mo bá gbé ọkọ̀ sí ilẹ̀ tó tẹ́jú, ẹ̀yìn lọ́wọ́ òsì máa ń kéré ju ọ̀tún lọ, kò sì sẹ́rù nínú búùtù.

Ìdáhùn: Ẹ kọ́kọ́ fẹ́ táyà méjèèjì kí atẹ́gùn wọn dọ́gba. Tí kò bá yí padà, ẹ tan tọ́ọ̀ṣì sí ìsàlẹ̀ sípíríǹgì òsì, níbi tó ti jókòó gan-an, torí ìyípo ìsàlẹ̀ sípíríǹgì yẹn ló máa ń kán jù, omi àti ẹrẹ̀ máa ń dúró síbẹ̀ kí ìpẹtà máa jẹ ẹ́. Ẹ fi ọwọ́ kàn án yíká nígbà tí ọkọ̀ bá wà lórí sítáǹdì, ojú kì í fi bẹ́ẹ̀ rí i nígbà mìíràn torí ibi tó kán sábà máa ń wà lẹ́yìn. Tó bá ti kán, ẹ má gbé ọkọ̀ yẹn rìn mọ́, ìdí irin tó kán yẹn lè gún táyà. Méjèèjì lẹ máa rà, kẹ́ẹ sì yẹ rọ́bà tí sípíríǹgì jókòó lé wò kẹ́ẹ tó to tuntun sí i.