Ìbéèrè Òǹkàwé: Kámẹ́rà Urusevsky

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Nínú sinimá The Cranes Are Flying, kámẹ́rà tẹ̀lé ọmọbìnrin kan jáde nínú bọ́ọ̀sì, ó wọ àárín èrò, ó sì ṣàdédé lọ sókè. Ṣé wọn ò gé e pọ̀ ni?

Ìdáhùn: Kò sí gígé níbẹ̀. Sergey Urusevsky ló ya sinimá náà lọ́dún 1957 fún olùdarí Mikhail Kalatozov, sinimá náà sì gba Palme d'Or, ẹ̀bùn tó ga jù lọ ní àjọ̀dún sinimá Cannes, lọ́dún tó tẹ̀ lé e. Ọwọ́ ni wọ́n fi gbé kámẹ́rà láti inú bọ́ọ̀sì. Ẹni tó gbé e bá Veronika, ọmọbìnrin náà, sọ̀ kalẹ̀, ó bá a la èrò kọjá, ló bá bọ́ sórí kirénì tó ti ń dúró dè é. Kirénì gbé e sókè, a sì ń wo Veronika láti òkè bó ṣe ń sáré láàárín àwọn táńkì ogun.

Ibi tí ẹsẹ̀ ti kúrò nílẹ̀ bọ́ sórí kirénì ni irú iṣẹ́ yìí ti máa ń bàjẹ́. Ìwúwo ènìyàn á mú kirénì rì díẹ̀, àwòrán á sì fò, àfi bí àwọn tó dì í mú bá ti múra sílẹ̀.

Lẹ́ńsì náà ṣe pàtàkì. Urusevsky fẹ́ràn èyí tó ń rí ibi gbòòrò. Lórí fíìmù 35mm, lẹ́ńsì 18mm ń rí nǹkan bíi dígírì 63 ní ìbú, 75mm kò ju bíi 17 lọ. Bí ọwọ́ bá gbọ̀n ní dígírì kan péré, ti 18mm kò fi bẹ́ẹ̀ hàn. Ti 75mm á hàn gbangba. Àléébù ti 18mm ni pé bí ó bá sún mọ́ ojú ènìyàn jù, imú á tóbi ju bó ṣe yẹ lọ.

Ìbéèrè: Kí ló dé tí ewé fi funfun nínú I Am Cuba, sinimá mìíràn tí Urusevsky yà? Ṣé wọ́n kùn ún ni?

Ìdáhùn: Rárá o. Fíìmù infrared, èyí tó ń gba ìmọ́lẹ̀ tí ojú ènìyàn kò lè rí, ni wọ́n fi ya àwọn apá kan nínú sinimá ọdún 1964 yìí. Ewé tútù máa ń dá ìmọ́lẹ̀ infrared padà gan-an, nítorí náà ó funfun. Ojú ọ̀run aláwọ̀ búlúù kì í fi bẹ́ẹ̀ ní in, nítorí náà ó ṣókùnkùn. Fílítà pupa, gíláàsì aláwọ̀ tí wọ́n ń fi síwájú lẹ́ńsì, ló ń dínà ìmọ́lẹ̀ búlúù. Ẹ ṣọ́ra fún fókọ́ọ̀sì: ìmọ́lẹ̀ infrared kì í péjọ síbi tí èyí tí ojú ń rí ń péjọ sí, ẹni tó bá fi ojú lásán tò ó, àwòrán kò ní mọ́ kedere. Lẹ́ńsì 9.8mm, tó ń rí ibi tó gbòòrò ju ti 18mm lọ, sì wà lára ohun tí wọ́n lò fún sinimá yìí.

Ìbéèrè: Níbo ni Urusevsky ti kọ́ṣẹ́?

Ìdáhùn: St. Petersburg ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1908. Iṣẹ́ ọnà ló kọ́kọ́ kọ́, lọ́dọ̀ Vladimir Favorsky, ọ̀gá nínú gbígbẹ́ àwòrán sára igi. Ó jọ pé ibẹ̀ ni dúdú àti funfun rẹ̀ ti le tó bẹ́ẹ̀. Ó ya àwòrán lójú ogun, ó tún darí sinimá fúnra rẹ̀ kó tó kú lọ́dún 1974. Ẹ kọ́kọ́ wo Letter Never Sent, tí òun náà yà, kí ẹ tó wo I Am Cuba: kámẹ́rà ṣì ń tẹ̀lé ènìyàn níbẹ̀, nínú I Am Cuba, ènìyàn ló fẹ́rẹ̀ẹ́ máa tẹ̀lé kámẹ́rà.