Dorcas: ṣé orúkọ ẹranko la fẹ́ sọ ọmọ wa?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, Olùkọ́ wa. Oṣù tó ń bọ̀ ni wọ́n ní mo máa bímọ, àwòrán tí wọ́n yà sì fi hàn pé obìnrin ni. Ìyá ọkọ mi ní Dorcas ni kí a sọ ọ́. Aránṣọ ni wọ́n, wọ́n sì wà nínú ẹgbẹ́ Dorcas ní ṣọ́ọ̀ṣì wọn. Orúkọ náà wù mí. Ṣùgbọ́n ẹnì kan fi ránṣẹ́ sí ọkọ mi lórí WhatsApp pé “egbin” ni ìtumọ̀ rẹ̀, ọkọ mi sì fárí gá, ó ní òun ò lè sọ ọmọ òun ní ìdọ̀tí. Ẹlòmíì ní “ẹ̀bùn Ọlọ́run” ni. Èwo ni ká gbà? Èdè wo gan-an ni? Ṣé a sì lè fi Tabitha kún un?

ÌDÁHÙN: Ìyá ìkókó, a ó gbóhùn ìyá, a ó gbóhùn ọmọ. Ó ti lé lógún ọdún tí mo ti ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Bíbélì ní èdè Gíríìkì, orúkọ yìí sì wà lára àwọn tí wọ́n ń bi mí léèrè jù.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ bá ọkọ yín sọ̀rọ̀, nítorí àmì ló dá gbogbo wàhálà yìí sílẹ̀. Ẹ̀gbin, tó ní àmì lórí tó tún ní àmì lábẹ́, ni ìdọ̀tí, ohun tó ń rí ni lára. Egbin tí kò ní àmì kankan ni ẹran igbó tí ẹwà rẹ̀ di òwe lẹ́nu wa. Òun là ń dárúkọ nígbà tí obìnrin kan bá kọjá, tí ara rẹ̀ ń dán, tí ọrùn rẹ̀ gùn, tí a wá ní, “Ọmọ yìí dára bí egbin.” N kò tíì rí obìnrin tó bínú sí ọ̀rọ̀ yẹn.

Òótọ́ ni pé orúkọ ẹran ni. Dorkas ni àwọn Gíríìkì ń pe ẹran náà, àti egbin tiwa ló súnmọ́ ọn jù. Kì í ṣe ẹran kan náà gan-an o. Egbin tiwa ń gbé nínú igbó àti ọ̀dàn, ti wọn ń gbé aṣálẹ̀: ó wà ní Sàhárà, ó dé Íjíbítì, ó sì wà ní aṣálẹ̀ Negev ní Ísírẹ́lì. Awọ rẹ̀ pọ́n bí iyanrìn, ikùn rẹ̀ funfun, ẹsẹ̀ rẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́, ìwo rẹ̀ ní òrùka-òrùka láti ìsàlẹ̀ lọ sókè. Ìwọ̀n rẹ̀ kì í sábà ju kílò 15 sí 20 lọ. Bí kò bá rí omi mu fún ọ̀pọ̀ oṣù, omi inú ewé tó ń jẹ àti ìrì òwúrọ̀ ti tó o. Títí dòní, Gazella dorcas ni àwọn onímọ̀ ń pè é, láti ìgbà tí Linnaeus ará Sweden ti fi dorcas sí orúkọ rẹ̀ ní 1758.

Ibi tó dùn mọ́ mi jù nínú ọ̀rọ̀ yìí ni ti ojú. Àwọn Gíríìkì gbà pé inú ọ̀rọ̀ ìṣe wọn, derkomai, tó túmọ̀ sí pé kí ojú máa ríran kedere, ni dorkas ti jáde, nítorí ojú ńlá dídán tí ẹran náà ní. Àwọn onímọ̀ èdè òde òní ní orúkọ náà ti wà tẹ́lẹ̀ bíi zorkas, pé àwọn èèyàn ló yí i padà kó lè bá ọ̀rọ̀ ojú mu. Mo fara mọ́ àlàyé wọn. Síbẹ̀, ẹ wò ó: ojú ẹran yẹn wọ̀ wọ́n lọ́kàn débi tí wọ́n fi tún orúkọ rẹ̀ ṣe. Àwa náà ń ki obìnrin ní ẹlẹ́yinjú ẹgẹ́.

Ní ti Tabitha, òun àti Dorcas kì í ṣe orúkọ méjì. Èdè Árámáìkì ni Tabitha, èdè tí àwọn Júù ń sọ nílé nígbà náà, egbin yẹn kan náà ló sì túmọ̀ sí. Obìnrin tó ń jẹ́ orúkọ yìí nínú Bíbélì ń gbé ní Jọ́pà, ìlú etí òkun tí wọ́n ń pè ní Jaffa lónìí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Tel Aviv. Nígbà tí Lúùkù ń kọ ìtàn rẹ̀ ní Gíríìkì, nínú Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì 9:36, ó túmọ̀ orúkọ náà fún àwọn tí kò gbọ́ Árámáìkì. Nínú gbogbo Májẹ̀mú Tuntun, obìnrin yìí nìkan ni wọ́n lo ọ̀rọ̀ Gíríìkì tó túmọ̀ sí “ọmọ-ẹ̀yìn lóbìnrin” fún.

Ẹ tún ìtàn náà kà lọ́tun. Obìnrin náà ti kú, wọ́n ti wẹ̀ ẹ́, wọ́n tẹ́ ẹ sí yàrá òkè. Pétérù dé láti Lídà. Àwọn opó yí i ká, wọ́n ń sunkún, kò sì sí èyí tó ń ròyìn ìwà olóògbé lásán nínú wọn. Aṣọ ni wọ́n ń fi hàn án: ẹ̀wù tí a ń wọ̀ sínú, aṣọ tí a ń wọ̀ lé e. Bí Lúùkù ṣe lo ọ̀rọ̀ ìṣe ibẹ̀ fi hàn pé ó máa ń rán an ni, kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan. Ìdí rèé tí àwọn ẹgbẹ́ obìnrin tó ń ránṣọ fún aláìní fi ń jẹ́ Dorcas káàkiri ayé. Mo ṣì rántí àwọn ìyá ẹgbẹ́ Dorcas ìgbà èwe mi, ní ọjọ́ Sátidé, tí wọ́n tẹ́ aṣọ sórí bẹ́ǹṣì ṣọ́ọ̀ṣì, tí ọ̀kan fi ṣọ́ọ̀kì fàlà, tí èkejì ń tẹ ẹ̀rọ. Ìyá ọkọ yín mọ ohun tí wọ́n ń sọ.

Ẹni tó ní “ẹ̀bùn Ọlọ́run” ni, ìtumọ̀ Dorothy ló gbé fún Dorcas. Inú dōron, tó jẹ́ ẹ̀bùn, ni Dorothy ti wá. Dor tó bẹ̀rẹ̀ méjèèjì ló ṣì í lọ́nà. Bákan náà, ẹ máa rí i níbi kan pé “ọmọdébìnrin” ni Tabitha. Talita ni ìyẹn, ti “Talita kumi” tí Jésù sọ fún ọmọbìnrin Jáírù.

Bí ara ọkọ yín kò bá tíì balẹ̀, ẹ ní kó ṣí Orin Sólómọ́nì 2:9, níbi tí a ti fi olùfẹ́ wé egbin. Nínú ìtumọ̀ Gíríìkì àtijọ́, dorkas yìí gan-an ló wà níbẹ̀. Àti pé Rakẹli, abo àgùntàn ni. Dẹ̀bórà, kòkòrò oyin ni. Bí Rakẹli tàbí Dẹ̀bórà bá wà nínú ẹbí rẹ̀, orúkọ ẹ̀dá ni ó ti ń pè látọjọ́ yìí.

Èmi á sọ ọ́. Tabitha ni n kò ní fi kún un, nítorí ńṣe ló máa dà bí ìgbà tí a sọ ọmọ ní Ayọ̀, tí a tún pè é ní Joy. Àyè yẹn tọ́ sí orúkọ Yorùbá; Ẹwàtómi á bá a mu dáadáa.

Ọ̀rọ̀ bí a ṣe ń kọ orúkọ náà ló kù. D-o-r-c-a-s ni kí ẹ kọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé k ni c yẹn ń dún. Akẹ́kọ̀ọ́ mi kan wà tí olùkọ́ kan kọ Docas fún nínú ìwé ẹ̀rí ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, NIN rẹ̀ sì gbé Dorcas. Nígbà tó fẹ́ wọ yunifásítì, ó lọ búra ní kóòtù, ó tún san owó kí wọ́n gbé e sínú ìwé ìròyìn, gbogbo rẹ̀ nítorí r kan ṣoṣo. Bí wọ́n bá ti fún yín ní ìwé ìbí, ẹ kà á lẹ́tà kọ̀ọ̀kan kí ẹ tó kúrò lójú tábìlì wọn.

Oríkì ọmọ, ẹ fi sílẹ̀ fún ìyá ọkọ yín. Ó dá mi lójú pé wọ́n ti ní in lọ́kàn.