Èsì: Ohun tó ba etíkun Maya Bay jẹ́

Ẹ̀gbọ́n wa ní Iléṣà, ẹ bi wá bóyá ẹsẹ̀ èèyàn ló ba Maya Bay jẹ́, ní erékùṣù Phi Phi Leh ní Tàílándì. Ẹsẹ̀ kọ́ ló ṣe é jù. Ìdákọ̀ró ọkọ̀ àwọn arìnrìn-àjò ni.

Àpáta gíga ló yí ibẹ̀ ká, omi rẹ̀ mọ́ gaara, iyanrìn rẹ̀ funfun, ó kúnná bíi fúláwà. Ara iyùn inú òkun tó rún ni irú iyanrìn bẹ́ẹ̀ ti ń wá. Iyùn kì í ṣe òkúta o. Ohun ẹlẹ́mìí ni, ìmọ́lẹ̀ oòrùn ló sì ń bá a wá oúnjẹ. Bí ìdákọ̀ró bá wọ́ kọjá lórí rẹ̀, á ṣẹ́ wẹ́wẹ́, ọ̀pọ̀ ọdún ni yóò sì gbà kó tó hù padà. Ẹ́ńjìnì ọkọ̀ náà ń rú iyanrìn sókè, á bò ó, oòrùn ò ní ráyè kàn án. Ìpara adènà-oòrùn tó ní kẹ́míkà oxybenzone nínú tún ń pa á lára. (Olúmirìn tiwa, omi tó ń já bọ̀ látorí àpáta ní Erin-Ìjẹ̀ṣà, náà ńkọ́? Ọṣẹ tí wọ́n fi wẹ̀ lókè, ìsàlẹ̀ ló ń ṣàn bọ̀.)

Ìjọba Tàílándì ti Maya Bay pa ní oṣù kẹfà 2018, wọ́n ṣí i ní oṣù kìíní 2022. Wọ́n gbin iyùn, ẹja shark tí ṣóńṣó lẹbẹ rẹ̀ dúdú sì padà wá.

Tí ẹ bá ń lọ, ẹ̀yìn erékùṣù, ní Loh Samah, ni ọkọ̀ ń gúnlẹ̀ sí báyìí. Ẹ ó fẹsẹ̀ rìn wọlé. Ẹ má retí láti lúwẹ̀ẹ́.