Ìbéèrè Yín, Ìdáhùn Wa: DLL Kọ́ Ni Súìṣì

Lẹ́tà mẹ́rin la mú lọ́tẹ̀ yìí. Gbogbo wọn dá lórí fáìlì DLL (fáìlì kóòdù tí áàpù máa ń yá lò) tí àwọn áàpù orí kọ̀ǹpútà fi ń tan iṣẹ́ kan tàbí pa á, láìjẹ́ pé wọ́n tún áàpù náà kọ. Bí ẹ ti ń kà á, ẹ fi í sọ́kàn pé DLL yìí dà bí ẹni tí a rán kó lọ wò ó bóyá iná wà ní títàn. Súìṣì fúnra rẹ̀ wà nínú fáìlì mìíràn, èyí tí orúkọ rẹ̀ sábà máa ń parí sí .json, .xml tàbí .config.

Ìbéèrè (oníṣọ́ọ̀bù kan, Kétu): Ẹ kú iṣẹ́ o. Áàpù tí mo fi ń ṣírò ọjà kò ṣí mọ́. Ó ń kọ orúkọ fáìlì kan tí «Toggle.dll» parí rẹ̀, ó ní «est introuvable». Ọmọ mi ní òun á wá a lórí íntánẹ́ẹ̀tì, òun á sì jù ú sínú System32, fódà Windows fúnra rẹ̀. Ṣé kó ṣe bẹ́ẹ̀?

Ìdáhùn: Ẹ má jẹ́ kó ṣe é, ẹ jọ̀ọ́. Ibi tí wọ́n ti ń pín DLL ní ọ̀kọ̀ọ̀kan kì í ṣe ibi tí ẹni tó kọ áàpù yín kó fáìlì rẹ̀ sí, fáírọ́ọ̀sì sì lè bá a wọlé. Ká tiẹ̀ ní ó mọ́, ẹ̀dà rẹ̀ lè má bá ti áàpù yín mu. Ọ̀ràn bíìtì (32 tàbí 64, ìyẹn irú ẹ̀rọ tí wọ́n kọ DLL fún) sì tún wà níbẹ̀. Lórí Windows oníbíìtì 64, DLL oníbíìtì 64 ló wà nínú System32, oníbíìtì 32 ló wà nínú SysWOW64. Orúkọ wọn ń tan èèyàn jẹ. Ẹni tó bá gbé wọn sódìkejì lè bá àṣìṣe 0xc000007b pàdé. Inú fódà áàpù náà gan-an ni Windows sì máa ń kọ́kọ́ wá irú DLL báyìí sí kó tó dé System32, nítorí náà ibẹ̀ ló yẹ kó wà.

Ohun tí ẹ máa ṣe nìyí. Ẹ ṣí «Sécurité Windows», ẹ wọ «Protection contre les virus et menaces», kí ẹ wo «Historique de protection». Ó ṣeé ṣe kí sọ́fítíwíà tó ń pa fáírọ́ọ̀sì ti gbé fáìlì náà tì mọ́lé. Bí ẹ bá rí i níbẹ̀, ẹ má tíì dá a sílẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ bi ẹni tó ta áàpù náà fún yín bóyá fáìlì rẹ̀ ni. Bí kò bá sí níbẹ̀, ẹ da fódà tí àkọsílẹ̀ ọjà yín wà nínú rẹ̀ kọ sórí clé USB. Ó sábà máa ń wà nínú ProgramData tàbí AppData, ẹni tó ta áàpù á mọ̀ ọ́n. Lẹ́yìn náà kí ẹ fi fáìlì àkọ́kọ́ tí wọ́n fún yín tún áàpù náà gbé sórí ẹ̀rọ. Ẹ má fo clé USB yẹn o: àwọn áàpù kan máa ń pa àkọsílẹ̀ rẹ́ bí a bá yọ wọ́n kúrò.

Àwọn kan á ní kí ẹ tẹ àṣẹ sfc /scannow. Fáìlì Windows fúnra rẹ̀ nìkan ni ìyẹn ń tún ṣe, kò mọ áàpù yín rí. Regsvr32, àṣẹ tó ń forúkọ DLL sílẹ̀ fún Windows, náà kì í ṣe fún gbogbo DLL. Èyí tí wọ́n bá kọ DllRegisterServer sínú rẹ̀ nìkan ló gbà á.

Ìbéèrè (ọ̀dọ́ tó ń kọ áàpù, Àjàṣẹ́): Microsoft.FeatureManagement, DLL súìṣì ti Microsoft, ni mo lò nínú áàpù WPF (áàpù olójú fèrèsé ti Windows). Mo fi Percentage, ìdá ọgọ́rùn-ún tí súìṣì máa tàn fún, sí 50. Bọ́tìnnì tuntun yọ fún oníbàárà kan láàárọ̀, nígbà tó tún áàpù ṣí, kò rí i mọ́. Súìṣì kejì tí mo kọ kò tilẹ̀ tàn rárá.

Ìdáhùn: Percentage máa ń ṣẹ́ gègé tuntun nígbàkígbà tí kóòdù bá bi í léèrè. Kò rántí ẹni tó wà nídìí ẹ̀rọ. Targeting, tó ń yan ẹni tí súìṣì máa tàn fún, ni kí o lò: fún un ní UserId (àmì ìdánimọ̀ oníbàárà) tí kì í yí padà, kí o sì kọ ìdá ọgọ́rùn-ún sínú DefaultRolloutPercentage. UserId ló ń fi ṣírò, nítorí náà ẹni tó bá rí bọ́tìnnì lónìí á rí i lọ́la.

Ní ti èyí tí kò tàn, wo orúkọ rẹ̀ dáadáa nínú kóòdù àti nínú appsettings.json, fáìlì tí súìṣì rẹ wà nínú rẹ̀. Bí DLL yìí kò bá rí orúkọ kan, «false» (ìyẹn pé ó wà ní pípa) ló máa dá padà, kò ní sọ fún ọ. Lẹ́tà kan péré tó bá ṣì, ó parí. Nígbà tí o bá ń dán áàpù wò, fi IgnoreMissingFeatures sí false kó lè pariwo. Wò ó náà bóyá appsettings.json wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ .exe: nínú Visual Studio, «Copier dans le répertoire de sortie» gbọ́dọ̀ wà ní «Copier si plus récent».

Bí o bá lo TimeWindow, tó ń tan súìṣì láàárín àkókò kan, rántí pé aago wa ní Benin fi wákàtí kan ṣíwájú GMT jálẹ̀ ọdún. Bí o bá fẹ́ kó tàn ní aago mẹ́jọ àárọ̀, 07:00:00 GMT ni kí o kọ. Kọ̀ǹpútà tí bátìrì CR2032 inú rẹ̀ ti kú máa ń gbàgbé déètì bí iná bá lọ, súìṣì náà á sì tàn lọ́jọ́ tí kò yẹ.

Ìbéèrè (Ṣábẹ̀): Ṣé mo lè fi súìṣì ti iṣẹ́ tí oníbàárà gbọ́dọ̀ sanwó fún pa?

Ìdáhùn: Rárá. Ẹni tó bá ní àṣẹ lórí ẹ̀rọ rẹ̀ lè fi Bloc-notes ṣí fáìlì súìṣì náà, kó yí false sí true. Ọ̀rọ̀ owó gba láísẹ́ǹsì tí a buwọ́ lù, tàbí kí sáfà (kọ̀ǹpútà ọ̀dọ̀ rẹ tí áàpù ń bá sọ̀rọ̀) fúnra rẹ̀ dáhùn.

Ìbéèrè (Àjàṣẹ́): Súìṣì mi ti tó ogójì. Ṣé ó burú kí n fi wọ́n sílẹ̀?

Ìdáhùn: Ó burú gan-an. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹjọ ọdún 2012, ilé-iṣẹ́ Knight Capital ní Amẹ́ríkà, tó ń ra ìpín ìdókòwò tó sì ń tà á, tún súìṣì àtijọ́ kan lò fún iṣẹ́ tuntun. Nínú sáfà mẹ́jọ, kóòdù tuntun kò dé ọ̀kan. Bí wọ́n ti tan súìṣì, méje ṣe iṣẹ́ tuntun, ìkẹjọ sì jí kóòdù tí wọn kò lò mọ́ láti 2003. Láàárín nǹkan bí ìṣẹ́jú 45, owó tó lọ lé ní mílíọ̀nù 440 dọ́là.

Nítorí náà, má ṣe tún orúkọ súìṣì kan lò láé. Kọ ọjọ́ tí súìṣì kọ̀ọ̀kan máa kú sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ lọ́jọ́ tí o dá a. Tí ọjọ́ náà bá pé, kóòdù ni kí o kọ́kọ́ fọ̀: yọ «if» (ìlà tó ń bi DLL léèrè) àti kóòdù àtijọ́ kúrò, fi ẹ̀dà tuntun ránṣẹ́, dúró kó dé ọwọ́ gbogbo oníbàárà, kí o tó yọ ìlà rẹ̀ nínú appsettings.json. Bí o bá kọ́kọ́ yọ ìlà yẹn, DLL á dá «false» padà, iṣẹ́ tí gbogbo èèyàn ti ń lò á sì pòórá lójú wọn.