Ọ̀rọ̀ Eurovision pẹ̀lú àwọn ará Britain

Àbúrò tó ní àwọn òyìnbó ibiṣẹ́ òun pe òun wá wo Eurovision, ìdíje orin tí àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù máa ń bá ara wọn ṣe lọ́dọọdún, tó ń bèèrè ìdí tí wọ́n fi ń fi orílẹ̀-èdè ara wọn ṣe yẹ̀yẹ́: ojú mi ti rí tó lórí ọ̀rọ̀ yìí.

Ọdún 2003 ni mo kọ́kọ́ wò ó, nílé ìtọ́jú àwọn arúgbó tí mo ti ń ṣiṣẹ́ alẹ́ ní Liverpool. Jemini, àwọn ọmọ Liverpool méjì, ló lọ kọrin fún Britain ní Riga, ní Latvia. Ohùn lọ sápá kan, ìlù lọ sápá kejì. Mo gbé fóònù kí n dìbò fún wọn, àṣé èèyàn kì í dìbò fún orílẹ̀-èdè tó bá wà. Òdo ni wọ́n gbà. Màmá kan ń ro tíì ẹ̀, ó ní, "Ogun Iraq tá a lọ jà ló fà á." Màmá yìí rántí olórin wọn, Lulu, ní 1969, nígbà tí Britain àti orílẹ̀-èdè mẹ́ta jọ gba ipò kìíní. Ẹ̀ẹ̀marùn-ún ni wọ́n ti gbà á, ti 1997 ló kẹ́yìn.

Mo gba ọ̀rọ̀ màmá gbọ́: òṣèlú ni. Ní 2021, mo fi 40 póun ta tẹ́tẹ́ pé Britain ò lè gba òdo mọ́ láé. James Newman tó kọrin fún wọn gba òdo lọ́wọ́ adájọ́ ìdíje, ó tún gbà á lọ́wọ́ aráàlú. Mo sanwó.

Lọ́dún kejì, mo fi ìbínú lọ sùn. Ọjọ́ yẹn gan-an ni Sam Ryder, olórin Britain, gba máàkì 466, tó ṣe ipò kejì, Ukraine nìkan ló ṣáájú ẹ̀. Àwọn aládùúgbò tá a ní wọn ò fẹ́ràn wa náà ló dìbò o! Orin ọ̀hún dùn ni.

Ukraine tó gbà á ló yẹ kó gbàlejò lọ́dún tó tẹ̀ lé e, àmọ́ ogun ò jẹ́, ni ìdíje 2023 bá bọ́ sí Liverpool. Àwọn tó ń fi í ṣẹ̀sín wá kun èékánná ní búlúù àti yẹ́lò, àwọ̀ àsíá Ukraine. Mae Muller, olórin Britain, ṣe ipò 25 nínú 26, ni ẹ̀rín bá tún bẹ̀rẹ̀. Ní 2024 àti 2025, òdo ni aráàlú fún wọn.

Àṣìṣe mi nìyí: mo là á mọ́lẹ̀ níbiṣẹ́ pé orin wọn ni ò dùn. Gbogbo yàrá dákẹ́ lọ gbári. Ọmọ onílé lè bú ilé bàbá ẹ̀, àlejò tó bá gbè é ti wá ìjà. Ìwọ ṣáà rẹ́rìn-ín, kó o jẹ ìpápánu wọn. Tí wọ́n bá ní kí kálukú mú orílẹ̀-èdè kan nínú fìlà kẹ́ ẹ fi ta tẹ́tẹ́, póun kan péré ni kó o fi sí i, pàápàá tó bá jẹ́ Britain lo mú.