Kókó labalábá tó ń dúdú lára igi ọsàn: ẹ má tíì jù ú nù

Ẹni tó béèrè ní kókó labalábá kan, ìyẹn kòkòrò tó ti dákẹ́ sínú èèpo tó ń di labalábá, so mọ́ ẹ̀ka ọsàn wẹ́wẹ́ ní ẹ̀yìnkùlé òun l'Ógbómọ̀ṣọ́. Ó ti tó ọ̀sẹ̀ méjì tó ti ní àwọ̀ ewé, àmọ́ láti àná ló ti ń dúdú. Ó fẹ́ mọ̀ bóyá ó ti jẹrà kó lè jù ú nù. Ẹ fi í sílẹ̀ ná. Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ ọ̀la ló máa jáde.

Ọ̀nà méjì ni kókó ń gbà dúdú. Èyí tó fẹ́ jáde, èèpo rẹ̀ á fẹ́lẹ́ débi pé ẹ ó máa rí apá dúdú pẹ̀lú àmì yẹ́lò láti ìta. Kì í rùn, kì í sì í jò. Èyí tó ti kú, dúdú rẹ̀ dọ́gba látòkè délẹ̀, ara rẹ̀ á rọ̀, omi á máa ṣẹ́ jáde, òórùn rẹ̀ á sì sọ fún yín. Ìyẹn ni kí ẹ jù nù, kí ẹ sì fọ ọwọ́ dáadáa, torí àrùn tó pa á lè ran àwọn tó kù. Bí kókó bá wá fúyẹ́, tó gbẹ, tí ihò róbótó tín-ín-tín wà lára rẹ̀, iṣẹ́ agbọ́n kékeré kan nìyẹn. Ìgbà tí kókó ṣẹ̀ṣẹ̀ di, tó ṣì rọ̀, ni agbọ́n náà máa ń yé sínú rẹ̀. Àwọn ọmọ rẹ̀ á jẹ inú kókó tán, wọ́n á dá ihò lu, wọ́n á lọ. Kò sóhun tí ẹ lè ṣe sí i mọ́.

Kókó tó ní àwọ̀ igi gbígbẹ kì í ṣe aláìsàn o. Àwọ̀ ewé tàbí àwọ̀ igi, ibi tó so mọ́ ló ń tẹ̀ lé.

Labalábá ńlá dúdú tó kún fún àmì yẹ́lò ni à ń wí (Papilio demodocus lédè sáyẹ́ǹsì). Àwọn ẹbí rẹ̀ nílẹ̀ òyìnbó sábà máa ń ní ìrù lẹ́yìn apá. Tiwa kò ní. Ewé ọsàn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ rú ló máa ń yé sí, lẹ́yọ kọ̀ọ̀kan, ó sì tún ń lo igi orín àta àti igi àtàpàrí òbúkọ. Ẹyin ń lo bí ọjọ́ 4 sí 6. Kòkòrò tó jáde máa ń jọ ìgbẹ́ ẹyẹ ní kékeré, kó tó wá di aláwọ̀ ewé nígbà tó bá dàgbà. Ọ̀sẹ̀ 3 sí 4 ló fi ń jẹun. Bí ẹ bá fọwọ́ kàn án, á yọ ìwo pupa oníka méjì tó ń rùn. Kì í ta èèyàn. Kókó ń lo bí ọ̀sẹ̀ 2 sí 3. Ooru ń mú un yá, ọyẹ́ lè fà á gùn.

Bó ṣe ń di kókó ló yẹ kí ẹ mọ̀, torí ibẹ̀ ni ọwọ́ èèyàn ti ń pa á jù. Kòkòrò náà á ṣíwọ́ oúnjẹ, á ya ìgbẹ́ olómi, á wá máa rìn kiri. Nígbà míì ara ògiri lẹ ó ti bá a. Á fi òwú ara rẹ̀ ṣe ibi tí ìdí rẹ̀ máa kọ́, á tún fa òwú kan gba ẹ̀yìn rẹ̀ bí ọ̀já ìpọnmọ, á wá gbé orí sókè, á dúró jẹ́ẹ́ fún bí ọjọ́ kan. Lẹ́yìn náà awọ rẹ̀ á là lẹ́yìn ọrùn, á máa yíra títí awọ náà á fi bọ́. Kò wọ inú nǹkan kan o: kókó yẹn ti wà lábẹ́ awọ. Ní ọjọ́ náà àti ọjọ́ kejì, ẹ má fọwọ́ kàn án rárá. Bí ara rẹ̀ bá tẹ̀ wọnú péré, ó ti bàjẹ́.

Bó bá já bọ́ lẹ́yìn tó ti le, ẹ ká bébà kí ìsàlẹ̀ rẹ̀ ṣóńṣó, kí ẹnu rẹ̀ gbòòrò, ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri, ẹ ki kókó sí i, ìdí nísàlẹ̀, orí lókè. Ẹ gbé igi tàbí aṣọ tí ara rẹ̀ kò dán sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ tí labalábá máa gùn. Ẹ má kó o sínú ìgò tí ẹ fi nylon dé. Ooru àti ọ̀rinrin inú rẹ̀ ń mú èbu wá. Páálí tí ẹ fi nẹ́ẹ̀tì ẹ̀fọn bò ló dára jù, kó wà níbi òjìji. Èèrà ńkọ́? Ẹ gbé ẹsẹ̀ tábìlì sínú agolo omi. Nígbà ọyẹ́, ẹ wọ́n omi díẹ̀ sára nẹ́ẹ̀tì, kì í ṣe sára kókó.

Àárọ̀ ló sábà máa ń jáde. Apá rẹ̀ á kéré, á ká jọ, á sì gùn lọ sókè kí apá náà lè rọ̀ wálẹ̀. Bí àyè tó wà nísàlẹ̀ rẹ̀ kò bá tó kí apá náà fi nà tán, tàbí tí kò rí nǹkan dì mú, apá yẹn á gbẹ ní wíwọ́, kò sì ní lè fò láéláé. Ẹ má ràn án lọ́wọ́ láti jáde. Omi tó máa dà sílẹ̀, bó bá tiẹ̀ pupa, kì í ṣe ẹ̀jẹ̀. Ìdọ̀tí inú kókó ni. Ẹ fún un ní wákàtí méjì ó kéré tán kí apá le. Bí òjò bá ń rọ̀ tàbí ilẹ̀ ti ń ṣú, ẹ fi í sínú nẹ́ẹ̀tì di ọjọ́ kejì. Kò ní pa á bí kò bá tíì jẹun lọ́jọ́ yẹn.